Àtẹ̀gùn Ẹ̀yìn Ìwé

Ìwé ni mo máa ń rán. Bẹ́ẹ̀ ni o, rírán, bí ẹni ń rán aṣọ. Tí mo bá sọ ọ́ fún èèyàn, wọ́n á ní, "Ṣé ó ya ni?" Kò ya. Ìwé tó bá níyì, ẹnì kan ló fi abẹ́rẹ́ àti òwú so ó pọ̀. Èyí tí kò níyì, góòmù lásán ni wọ́n fi lẹ̀ ẹ́, tó bá fi máa di ọdún kejì, ojú ìwé á máa já sílẹ̀ bí irun orí arúgbó. Èmi fúnra mi ò kàwé lọ títí. Ìwé mẹ́fà ni mo kà, ìkẹfà yẹn náà, ẹsẹ̀ kan ni mo fi wọ̀ ọ́. Ṣùgbọ́n ọdún kejìlélógún rèé tí mo ti ń rán ohun tí àwọn ọ̀mọ̀wé ń kọ, kò sì sí èyí tó tú mọ́ wọn lọ́wọ́ rí.

Ẹ fara balẹ̀ gbọ́ èyí, torí òun ló fẹ́ pa wá. Ìwé kì í ti ibi ìtẹ̀wé wá ní ẹyọ ẹyọ. Bébà fífẹ̀ ni wọ́n máa ń tẹ̀, tí a bá wá ṣẹ́ ẹ po lẹ́ẹ̀mẹta, ó di ojú ìwé mẹ́rìndínlógún. Ìṣẹ́po kan nìyẹn. Ìwé tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀ yìí, ìṣẹ́po mẹ́wàá ni. Kí a má baà tò ó ṣì, wọ́n máa ń tẹ àmì dúdú kékeré kan, kò ju èékánná lọ, sí ibi tí bébà ti ṣẹ́. Ti àkọ́kọ́ á wà lókè, ti ìkejì á sọ̀ kalẹ̀ díẹ̀, ti ìkẹta á tún sọ̀ kalẹ̀. Tẹ́ ẹ bá tò wọ́n léra tẹ́ ẹ wo ẹ̀yìn ìwé, àtẹ̀gùn lẹ máa rí, láti òkè dé ìsàlẹ̀. Tẹ́ ẹ bá rí i pé àmì méjì wà ní ipele kan náà, tí àyè wá ṣí sílẹ̀ lábẹ́ wọn, ẹ ti mú ìṣẹ́po kan lẹ́ẹ̀mejì nìyẹn, ẹ ti gbàgbé èyí tó tẹ̀ lé e. Àṣìṣe àwa tá à ń rán ìwé nìyẹn, kò sí ẹni tí kì í ṣe é. Ẹ ò sì nílò ìwé mẹ́fà kankan kẹ́ ẹ tó rí i. Ojú lásán ti tó.

Ó dáa. Tíṣà kan tó ti fẹ̀yìn tì ló kó iṣẹ́ wá bá wa. Ọdún mẹ́fà ló fi ń ti ilé arúgbó kan bọ́ sí èkejì, tó ń bi wọ́n léèrè nípa àwọn ọlọ́ṣà tó jẹ gàba lé igbó lórí nígbà tí mo ṣì wà lọ́mọ ọwọ́: bí wọ́n ṣe ń dá mọ́tò lọ́nà, bí wọ́n ṣe ń sùn sórí igi lásìkò òjò, bí wọ́n ṣe run lọ́jọ́ kan ṣoṣo. Igba ìwé ló ní ká ṣe fóun.

Èmi kì í ka ohun tí mo bá ń ṣẹ́. Tí alágbẹ̀dẹ bá ń wo ojú ara ẹ̀ nínú gbogbo àdá tó bá rọ, ìgbà wo ló fẹ́ rọ òmíràn? Ṣùgbọ́n láàárọ̀ ọjọ́ yẹn, bí mo ṣe ń fi egungun ìṣẹ́wèé tẹ ìṣẹ́po kẹfà, ọ̀rọ̀ kan bẹ́ sí mi lójú. Oníyọ̀.

Oníyọ̀ ni gbogbo àdúgbò ń pe màmá mi. Wọn ò ta iyọ̀ mọ́ láti ọgbọ̀n ọdún, ṣùgbọ́n orúkọ kì í fẹ̀yìn tì.

Mo fi ìka sábẹ́ ọ̀rọ̀ náà, mo ń kà á ní ọ̀kọ̀ọ̀kan bí ẹni ń ṣa ìrẹsì. Ó ní igbó ń fún àwọn ọlọ́ṣà lẹ́ran, ó ń fún wọn lómi, ṣùgbọ́n kò sí iyọ̀ nínú igbó. Ó ní wọ́n wá bá obìnrin kan ṣe àdéhùn. Ní ọjọ́ márùn-ún márùn-ún ló máa ń gbé iyọ̀ sórí òkúta pẹlẹbẹ kan létí igbó, wọ́n á sì fi nǹkan sílẹ̀ fún un níbẹ̀. Lọ́jọ́ kan, aago ọwọ́ ló bá lórí òkúta. Okùn aago náà ti já rí, ẹnì kan sì ti fi òwú pupa rán an. Oníyọ̀ ló rán an. Aago àbúrò ẹ̀ ọkùnrin ni, tó wọ mọ́tò rìnrìn àjò ní ìjẹta.

Ìwé ní kò sunkún. Ó gbé iyọ̀ sílẹ̀, ó mú aago, ó gba ọ̀dọ̀ ọlọ́pàá lọ, ó sọ ibi tí òkúta wà àti ọjọ́ tí wọ́n tún máa wá. Ọlọ́ṣà méje ló kú síbẹ̀. Ọ̀gá wọn nìkan ló bọ́, èyí tí wọ́n ń pè ní Oníbàtà, torí òun nìkan ló ń wọ bàtà nínú igbó. Nísàlẹ̀ pátápátá, ẹ wá wo ohun tí Tíṣà kọ: Oníyọ̀ ṣì wà láyé, ó ń gbé nínú ilé alágbàlá tó wà lẹ́yìn ibi tí wọ́n ti ń rán ìwé.

Yéè! Ilé wa nìyẹn! Aago yẹn wà lórí ìṣó lẹ́gbẹ̀ẹ́ bẹ́ẹ̀dì màmá mi títí di bí mo ṣe ń sọ̀rọ̀ yìí. Gbogbo ohun tí wọ́n sọ fún mi ni pé àbúrò wọn kú sọ́nà.

Mo ní kò burú, tí wọ́n bá gbé oúnjẹ mi wá ní aago méjì, màá bi wọ́n. Ibẹ̀ ni mo wà tí ọ̀gá wa fi gbé báàgì.

"Ìyá Abẹ́rẹ́, mò ń lọ ra góòmù, èyí tó kù ti gan. Tíṣà pè. Ó ní bàbá kan ń bọ̀ wá gba ìwé kan ní aago kan. Tètè bá a rán ọ̀kan."

"Bàbá wo nìyẹn, Ọ̀gá?"

"Ó ní ọ̀kan nínú àwọn ọlọ́ṣà inú ìwé náà ni. Oníbàtà. Wọ́n ti ní ó kú tipẹ́, kò kú o!" Ó bú sẹ́rìn-ín. "Ọlọ́ṣà fẹ́ ra ìtàn ara ẹ̀. Bá mi mójú tó ẹ̀rọ ìgéwèé o, kó má lọ jí i gbé."

Ó lọ. Mo wo aago ara ògiri.

Aago méjìlá ààbọ̀ ni. Mi ò rò ó lẹ́ẹ̀mejì. Mo to ìwé kan, mo fa ìṣẹ́po kẹfà yọ, mo fi ìkarùn-ún mìíràn dí àyè ẹ̀. Tó bá kà á tó rí i pé ojú ìwé kan náà wà níbẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, màá ní ẹ má bínú sà, àṣìṣe ni. Mo rán an, abẹ́rẹ́ gún mi ní àtàńpàkò lẹ́ẹ̀mẹta. Mo ki ìṣẹ́po kẹfà sábẹ́ tìmùtìmù, mo jókòó lé e. Mo wá mí kanlẹ̀.

Ohun tí mo gbàgbé rèé: kò sí góòmù. Tí kò bá sí góòmù tá a fi ń lẹ èèpo mọ́ ẹ̀yìn ìwé, kò sí èèpo. Ẹ̀yìn ìwé náà wà ní gbangba.

Mo gbọ́ ìró mọ́tò. Ohùn obìnrin kan ní, "Bàbá, ṣé kí n dúró ni?"

"Máa lọ síbi iṣẹ́ ẹ, ọmọ mi. Ní aago méjì, wá mú mi."

Mo wá gbọ́ bàtà. Kó. Kó. Kó. Irú èyí tó ní irin nídìí. Bàbá gíga kan, tínrín, ó mọ́ tónítóní, ó wọlé, ó ti ilẹ̀kùn, ó yí kọ́kọ́rọ́, ó fi í sápò.

"Ẹ káàsán, sà," mo kúnlẹ̀.

"Dìde. Ìwé mi dà?"

Mo fi ọwọ́ méjèèjì gbé e fún un. Ó ṣí i, ó wò ó pẹ́, ó ń mi orí. Ó dorí ìwé kodò. Bàbá yìí ò mọ̀wé! Inú mi fẹ́ máa dùn.

"Jókòó," ó ní. "Kà á fún mi."

"Èmi kẹ̀? Bàbá, ọmọ yín tó gbé yín wá…"

"Ọmọ mi mọ̀ pé pákó ni bàbá òun tà tó fi tọ́ òun. Bẹ́ẹ̀ ló máa mọ̀ ọ́n títí. Ìwọ tí n ò mọ̀ rí, ìwọ lo máa kà á." Ó mú ọsàn kan jáde nínú àpò kan, ó mú ọ̀bẹ jáde nínú èkejì. "Tíṣà ní orúkọ ẹni tó tà wá wà nínú ẹ̀. Mo bẹ̀ ẹ́ títí kó dárúkọ ẹ̀ fún mi, ó ní kí n lọ ra ìwé. Ṣó o rí orúkọ yẹn? Òun ni ò jẹ́ kí n tíì kú."

"Tí ẹ bá wá mọ̀ ọ́n ńkọ́, sà?"

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í bó ọsàn. Èèpo ẹ̀ ń sọ̀ kalẹ̀ ní gbọọrọ, kò já. "Tó bá ti kú, mo máa wá ọmọ ẹ̀."

Mo jókòó lórí tìmùtìmù mi. Aago ara ògiri ní kan kọjá ogún ìṣẹ́jú.

Bó ṣe fẹ́ na ìwé sí mi padà, ó dúró. Ó gbé ẹ̀yìn ẹ̀ sójú. Ó fi ṣóńṣó ọ̀bẹ tọ́ àwọn àmì dúdú yẹn, ọ̀kan, ọ̀kan, ọ̀kan. Ó yí ojú sí àwọn ìwé tí mo ti tò sórí tábìlì, tí wọ́n ń dúró de abẹ́rẹ́, gbogbo ẹ̀yìn wọn kọjú sí wa.

"Kí nìyí?"

"Àmì ni, sà. Àmì lásán."

"Tàwọn tó wà lọ́hùn-ún, àtẹ̀gùn wọn pé. Tèmi yìí, èèyàn méjì dúró sórí ipele kan. Ẹnì kan ti sá lọ."

"Àṣìṣe ni, Bàbá. Ẹ forí jì mí, a máa ń ṣe bẹ́ẹ̀…"

"Ọdún mọ́kànlá ni mo fi gbé nínú igbó, obìnrin. Tí ewé kan bá dojú dé, mo máa ń mọ ẹsẹ̀ tó dojú ẹ̀ dé." Kò pariwo o. Ìyẹn gan-an ló ń bà mí lẹ́rù. "Mú èyí tó pé wá. Ibi tí tèmi ti sọnù yẹn, ibẹ̀ gan-an ni kó o ti bẹ̀rẹ̀."

Ẹ gbà mí o! Èmi tí mò ń sá fún ojú ìwé kan, ọgbọ́n mi ló tún wá fà mí lọ́wọ́ débẹ̀. Mo mú òmíràn. Mo ṣí ìṣẹ́po kẹfà. Orúkọ màmá mi ń wò mí.

Mo ka ti igbó, mo ka ti ẹran tí kò níyọ̀. Òótọ́ nìyẹn, mo kà á bó ṣe wà. Ó rẹ́rìn-ín díẹ̀.

"Bẹ́ẹ̀ ni. Tó o bá jẹ ẹran láìníyọ̀ fún oṣù kan, ẹnu ẹ á máa sunkún. Máa kà á."

Ìka mi dúró lábẹ́ orúkọ màmá mi.

"Kí ló dé?"

"Ọ̀rọ̀ ibí yìí gùn, sà. Ìwé mẹ́fà ni mo kà."

"Obìnrin tó ń gbé iyọ̀ wá yẹn ńkọ́? Kò sí níbẹ̀? Ẹ̀ẹ̀mejì ni mo bá a sọ̀rọ̀ lójúkojú. Mo máa dá a mọ̀ lónìí tí mo bá rí i."

Aago ní kan kọjá ogójì ìṣẹ́jú. Ní aago méjì, màmá mi máa kan ilẹ̀kùn yẹn pẹ̀lú abọ́ oúnjẹ lọ́wọ́.

"Ó wà níbẹ̀, sà," mo ní. "Wọ́n ní… ó kú. Ó ti pẹ́. Àìsàn ni."

Ẹnu èmi yìí. Ọmọ kan ṣoṣo tí wọ́n bí, èmi ni mo fi ẹnu ara mi pa wọ́n.

"Ó ṣe o," bàbá ní. "Òṣùwọ̀n ẹ̀ máa ń kún. Ta wá ni? Nínú àwọn ọmọ ẹ̀yìn mi ni, àbí? Dárúkọ ẹ̀."

Orúkọ wọn wà níbẹ̀, gbogbo àwọn méje. Ẹnu mi ti là. Kí ni ìbá ná mi? Òkú ni wọ́n. Ṣùgbọ́n òkú bímọ. Ọ̀bẹ yẹn á kàn yà kúrò lẹ́nu ọ̀nà wa lọ sẹ́nu ọ̀nà ẹlòmíràn ni. Mo wolẹ̀, mi ò mọ ohun tí mò ń wá nílẹ̀. Ohun tí ojú mi bá níbẹ̀ ni bàtà ẹ̀.

"Bàtà ni," mo ní.

Èèpo ọsàn já.

"Kí lo wí?"

"Ìwé ló wí i, sà, kì í ṣe èmi! Ó ní… ó ní ọlọ́pàá rí ojú ẹsẹ̀ bàtà nínú ẹrẹ̀. Kò sí ẹlòmíràn tó ń wọ bàtà nínú igbó. Ó ní ọjọ́ mẹ́ta ni wọ́n fi tẹ̀ lé e. Ó ní kò sẹ́ni tó tà yín."

Ó dìde. Kó. Kó. Ó yí gba ẹ̀yìn mi. Mo ń gbọ́ òórùn ọsàn lára ọ̀bẹ. Ó na ìka gígùn kan kọjá èjìká mi sórí ìwé.

"Níbo ló ti wí bẹ́ẹ̀? Fi hàn mí."

Ojú mi ṣókùnkùn. Ìka mi kàn lọ síbi tó mọ̀. Orí Oníyọ̀ gan-an ló bà lé.

Ó bẹ̀rẹ̀, ó wo ọ̀rọ̀ yẹn. Ó wò ó, ó wò ó. Òógùn mi kán sórí bébà.

"Ibí yìí ni bàtà wà?"

"Ibẹ̀ ni, sà."

Nígbà tó yá, mo gbọ́ tí àga ké. Ó ti padà jókòó. Ọ̀bẹ ti wà nílẹ̀, kò sì mọ̀ pé ó ti bọ́.

"Àbúrò mi sọ ọ́," ó ní. Ohùn ẹ̀ ti yí padà. "Ó ní, 'Ẹ̀gbọ́n, ẹ bọ́ bàtà yìí, ilẹ̀ ń ka ẹsẹ̀ yín.' Mo fọ́ ọ létí lójú gbogbo wọn. Mo ní ọ̀gá kì í rìn lẹ́sẹ̀ lásán." Ó tẹjú mọ́ ẹsẹ̀ méjèèjì. "Òun ló kọ́kọ́ ṣubú."

Mo mọ̀ pé irọ́ ni. Mo mọ̀ pé èmi ni mo gbé e lé e lórí. Mo rí i tó ń súnkì níwájú mi bí aṣọ tí wọ́n rì bọ omi, mi ò sì lè ní, "Bàbá, ẹ dákẹ́, kì í ṣe ẹ̀yin."

Ó gbé ọsàn tí kò fẹnu kàn sórí tábìlì. "Jẹ ẹ́. Kí ẹnikẹ́ni má ka ìwé yẹn sí mi létí mọ́ láé." Kò mú ọ̀kan. Ó ṣí ilẹ̀kùn.

Màmá mi ló dúró síbẹ̀, abọ́ oúnjẹ lọ́wọ́, ọwọ́ kejì ti ká láti kànkùn.

Ìgbésẹ̀ kan ló wà láàárín wọn. Màmá mi wo ojú ẹ̀. Wọ́n wo bàtà ẹ̀. Wọ́n yà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, jẹ́ẹ́jẹ́.

"Ẹ pẹ̀lẹ́ o, Bàbá. Ẹ máa wolẹ̀, òkúta wà lẹ́nu ọ̀nà."

"Ẹ ṣé, Màmá." Kò gbé orí sókè. Mọ́tò ọmọ ẹ̀ dé, ó wọ̀ ọ́, wọ́n lọ.

Màmá mi gbé abọ́ kalẹ̀, wọ́n ti ilẹ̀kùn, wọ́n jókòó.

"Bó ṣe ń rìn kò yí padà," wọ́n ní. "Bí onílé tó wá gba owó ilé. Kí ló wá ṣe?"

Mo kúnlẹ̀, mo sọ gbogbo ẹ̀. Mo dé ibi tí mo ti ní wọ́n kú, mo bú sẹ́kún.

"O pa mí kẹ̀? Ṣebí mò ń bá ẹ sọ̀rọ̀. Nu imú ẹ. Ta lo wá ní ó tà wọ́n?"

"Bàtà ẹ̀ ni mo dárúkọ, Màmá."

Ẹ̀yin èèyàn, inú bí màmá mi! Wọ́n dìde dúró. "Bàtà! Àbúrò mi kú, mo rìn lọ bá ọlọ́pàá ní ọ̀sán gangan, ìwọ lẹ́yìn mi, mi ò jẹun fún ọjọ́ méjì, o wá kó iṣẹ́ mi fún bàtà! Ta ló sọ ọ́ fún Tíṣà? Èmi ni! Mo ní kó kọ ọ́ kí n tó kú."

"Ṣé ó sọ fún yín pé ọkùnrin yẹn ṣì wà láyé?"

Wọ́n padà jókòó. "Kò sọ."

Nírọ̀lẹ́, Tíṣà fúnra ẹ̀ dé, ó ń làágùn bí ẹni tó gbé ọlọ ata. Ó ní òun kàn fẹ́ gbọ́ tẹnu tọ̀tún tòsì ni. Mo ní, "Tíṣà, ẹ kọ ilé wa sínú ìwé, ó ku kí ẹ fún ọ̀bẹ lówó mọ́tò!" Ọ̀gá wa ní ká yọ ìṣẹ́po kẹfà dànù nínú gbogbo igba, ká jó o.

"Ẹni tó bá jó mi, Ọlọ́run ló máa bi í," màmá mi ní. "Rán mi mọ́ ọn."

"Ẹ jẹ́ kó kú ná, Màmá," mo ní. "Ẹ jọ̀ọ́. Ọjọ́ tó bá kú, màá rán yín mọ́ ọn lọ́jọ́ náà."

Ohun tá a fẹnu kò sí nìyẹn. Igba ìṣẹ́po kẹfà wà nínú ọ̀rá lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì mi. Ìyókù wà lórí tábìlì, wọ́n ń dúró.

Oṣù kẹrin rèé. Màmá mi tó máa ń fi oògùn ẹ̀jẹ̀ ríru pamọ́ sábẹ́ ìrọ̀rí, àwọn fúnra wọn ló ń rán mi létí báyìí. Wọ́n ń yípo àgbàlá láàárọ̀, ẹ̀ẹ̀mẹwàá, wọ́n ń kà á sókè. Lọ́sẹ̀ tó kọjá, Tíṣà ya. Màmá mi ò tíì jẹ́ kó jókòó tí wọ́n fi bi í léèrè.

"Bàbá ọ̀hún ńkọ́?"

"Ara ẹ̀ le, Màmá. Ọmọ ẹ̀ kàn ní òun ò mọ ohun tó ṣe é, kì í wọ bàtà mọ́. Ẹsẹ̀ lásán ló fi ń rìn kiri ilé."

Mo wojú màmá mi. Wọ́n wo aago tó wà lórí ìṣó, wọ́n wò ó pẹ́ díẹ̀.

"Ẹni ọdún mélòó ni?"

"Mọ́kànlélọ́gọ́rin."

"Mọ́kàndínlọ́gọ́rin lèmi." Wọ́n na abọ́ wọn sí mi. "Bu ẹ̀fọ́ sí i."